Kí Ni Ká Pe Kọfí Yìí? Bí Ẹ Ṣe Lè Fún Ohun Mímu Tuntun Lórúkọ Tí Yóò Dúró

Ọmọ àbúrò mi kan ń ta ohun mímu lẹ́bàá ọ̀nà yunifásítì UNIOSUN ní Òṣogbo. Lọ́jọ́ kan tí mo yà kí i, ìyá àgbàlagbà kan dúró níwájú àtẹ rẹ̀, ó na ìka sí ife kan tí mílíìkì funfun wà nísàlẹ̀ rẹ̀, tí ìfófó kọfí pupa rẹ́súrẹ́sú sì gun orí rẹ̀. Ìyá bi í pé, "Ọmọ mi, kí lo ń pe eléyìí?" Ọmọ ní, "Dalgona ni, mà." Ìyá ní kó tún un pè. Ó tún un pè. Ìyá rẹ́rìn-ín, ó ra zobo, ó bá tirẹ̀ lọ.

Owó wà lọ́wọ́ ìyá yẹn, ojú rẹ̀ sì wà lára ife náà. Orúkọ tí yóò fi béèrè ni kò rí. Ọ̀rọ̀ yìí dùn mí, nítorí bí ohun tí àwọn ọmọ wa ń tà kò bá ní orúkọ tí àgbà lè pè, a ti ti ilẹ̀kùn mọ́ àgbà nìyẹn. Mo jókòó ti ọmọ yìí, a wá orúkọ fún kọfí rẹ̀. Ọ̀nà tí a gbà ni mo fẹ́ fi hàn yín. Bí ó bá jẹ́ ohun mímu mìíràn lẹ ń tà, ní Òṣogbo tàbí ní Iléṣà, ọ̀nà kan náà ni.

Ẹ kọ́kọ́ wádìí orúkọ tó bá a wá

Ní oṣù kìíní ọdún 2020, òṣèré ọmọ Kòríà Gúúsù kan, Jung Il-woo, mu kọfí lílù ní Macau lórí ètò tẹlifíṣọ̀n kan. Ó ní adùn rẹ̀ rán òun létí dalgona, súìtì ṣúgà kan tí wọ́n ń jẹ nílẹ̀ wọn. Kò pẹ́ sígbà náà tí àrùn Kòrónà fi dé, tí ìjọba kéde kónílé-ó-gbélé, tí àwọn ọ̀dọ́ káàkiri ayé sì ń lu kọfí nínú ilé ìdáná, tí wọ́n ń gbé fídíò rẹ̀ sórí ayélujára. Bẹ́ẹ̀, ó ti pẹ́ tí wọ́n ti ń lu kọfí ní Íńdíà àti Pakistan. Ohun mímu náà ti dàgbà. Orúkọ ló ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, orúkọ náà ló sì gbé e káyé.

Ẹ wá wò ó: ará Kòríà rí ohun tuntun, ó fi adùn ìgbà èwe rẹ̀ sọ ọ́ lórúkọ. Kí ló dé tí àwa yóò fi máa fi súìtì ìgbà èwe ẹlòmíràn pè é?

Ẹ fi ọwọ́ ara yín ṣe é

Ẹ má jókòó sídìí ìwé atúmọ̀ èdè. Ẹ wọ ilé ìdáná. Ẹ bu ṣíbí ìjẹun méjì kọfí oníyẹ̀fun, ṣíbí méjì ṣúgà, ṣíbí méjì omi gbígbóná sínú abọ́, kí ẹ wá máa lù ú. Níbẹ̀rẹ̀, ó dúdú bí omi aró. Bí ọwọ́ bá ti ń lọ tó ń bọ̀, yóò máa pọ́n, yóò máa wú, títí yóò fi nípọn, tí ẹ ó gbé ṣíbí sókè tí kò ní kán sílẹ̀. Ọwọ́ á ro yín dáadáa kó tó débẹ̀. Ẹ wá da mílíìkì tútù sínú ife, kí ẹ bu ìfófó náà lé e lórí. Ẹ má fi ṣúgà rẹ̀ ṣahun, òun ló ń jẹ́ kí ìfófó náà dúró. Ẹ má sì lo kọfí tí wọ́n kàn lọ̀, èyí tó ń yòrò nínú omi ni iṣẹ́ yìí fẹ́.

Iṣẹ́ yìí kò ṣàjèjì sí wa. Ẹ bi alákàrà ìdí tó fi ń po ẹ̀wà rẹ̀ pẹ́ kó tó dín in. Yóò ní kí àkàrà lè wú ni. Afẹ́fẹ́ tí ọwọ́ rẹ̀ ń tì bọ inú ẹ̀wà náà ni ọwọ́ yín ń tì bọ inú kọfí. Ẹ tún lọ sí Sábó ní Òṣogbo, kí ẹ wo àwọn onítíì tó ń da tíì láti ife kan sí òmíràn, lókè réré, títí yóò fi hó.

Bí ẹ bá ti ń ṣe é, ẹ kọ gbogbo ọ̀rọ̀ ìṣe tó bọ́ lẹ́nu yín sílẹ̀. Àwa kọ lù, pò, hó, wú, gùn, dé. Inú irú àwọn ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ni orúkọ ń gbé.

Ẹ wo bí àwọn tó ṣáájú ṣe ń sọ nǹkan lórúkọ

Ọ̀nà márùn-ún ló wọ́pọ̀ jù.

Èkíní ni kí a fi iṣẹ́ ọwọ́ pè é. Ẹ̀wà àti àgbàdo tí a dà lu ara wọn, àdàlù ni. Gbẹ̀gìrì àti ewédú tó pàdé lórí àmàlà, àbùlà ni.

Èkejì ni kí a fi ìwà rẹ̀ pè é. Nígbà tí rédíò dé, àwọn baba wa rí i pé ó ń sọ̀rọ̀ ṣùgbọ́n kò gbọ́ èsì ẹnikẹ́ni. Wọ́n pè é ní asọ̀rọ̀mágbèsì.

Ẹ̀kẹta ni kí a sọ odidi gbólóhùn di orúkọ. Àwọn Ìjẹ̀ṣà mọ èyí dáadáa. Àwọn oníṣòwò wọn tó ń ru aṣọ kiri, tí wọ́n ń tà á láwìn, a padà wá gba owó, wọn a sì ní òṣó ni àwọn máa ló títí owó yóò fi pé. Òṣómàáló di orúkọ iṣẹ́ wọn, títí dòní. Irú rẹ̀ náà ni kónílé-ó-gbélé.

Ẹ̀kẹrin ni kí a fi orúkọ ibi tàbí ilé iṣẹ́ kan pè é. Okada Air, ilé iṣẹ́ ọkọ̀ òfurufú, ló fún alùpùpù akérò ní orúkọ ọ̀kadà.

Ẹ̀karùn-ún ni kí a yá ọ̀rọ̀ náà, kí a sì fi ohùn wa wọ̀ ọ́ láṣọ: kọfí, tíì, búrẹ́dì.

Kò sí ìtìjú nínú yíyá. Ẹ má wá ọ̀rọ̀ tuntun fún kọfí. Ó ti di ọmọ ilé. Ẹ jẹ́ kó wà nínú orúkọ náà pàápàá, nítorí lọ́dọ̀ wa Bournvita ń jẹ́ tíì, Milo ń jẹ́ tíì, ṣùgbọ́n ẹni tó bá gbọ́ kọfí mọ̀ pé ohun kíkorò tó ń lé oorun lọ ni. Ẹni tí kò fẹ́ kí oorun dá lójú òun gbọ́dọ̀ ti ara orúkọ mọ̀ pé kí òun yà fún un.

Bí àwọn ará ilẹ̀ mìíràn náà ṣe ń sọ nǹkan lórúkọ nìyí. Latte tí gbogbo ayé ń pè, mílíìkì lásán ló jẹ́ lédè Ítálì. Cappuccino gba orúkọ lára àwọ̀ ẹ̀wù àwọn ẹlẹ́sìn Kátólíìkì kan tí wọ́n ń pè ní Capuchin, àwọn náà sì gba tiwọn lára ìbòrí tó wà lẹ́yìn ẹ̀wù wọn. Ohun tó wà níwájú wọn ni wọ́n fi sọ ọ́ lórúkọ.

Ẹ dá orúkọ mẹ́ta, kí ẹ dán wọn wò

Ẹ má dá ẹyọ kan, kí ìfẹ́ rẹ̀ má baà dì yín lójú. Mẹ́ta tí àwa dá rèé.

Kọfí àlùhó: èyí tí a lù títí ó fi hó. Ó dùn létí, ó sì bá àdàlù mu. Ṣùgbọ́n nígbà tí a bi àwọn oníbàárà, wọ́n ní omi gbígbóná ló ń hó; wọ́n retí ohun gbígbóná. Kọfí yìí tutù. Orúkọ tó bá ṣèlérí ohun tí kò sí nínú ife, ìjà ló ń dá sílẹ̀. A fi í sílẹ̀.

Kọfí onífìlà: nítorí ìfófó náà jókòó sórí mílíìkì bí fìlà ṣe ń jókòó sórí okùnrin. Àwòrán rẹ̀ dára. Ṣùgbọ́n oníbúrẹ́dì ni ẹni tó ń ta búrẹ́dì, onífìlà sì ni ẹni tó ń ta fìlà. Ẹnì kan béèrè pé ta ni onífìlà tó ni kọfí náà.

Kọfí adéfìlà: èyí tó dé fìlà. Àwòrán kan náà ni, kò sì sí ẹni tó ń ta fìlà níbẹ̀. Ó tún dún bí orúkọ ènìyàn, bí Adéwálé, nítorí náà kò ṣòro rántí. Èyí ni a mú.

Ẹ yẹ ohùn àti ẹ̀ka èdè wò

Ẹ kọ orúkọ náà pẹ̀lú àmì, kí ẹ sì tún un pè lọ́nà mìíràn, kí ẹ gbọ́ ohun tí àṣìpè lè sọ ọ́ dà. Kòkó tí àwọn àgbẹ̀ Ìjẹ̀ṣà ń gbìn kì í ṣe kókò tí à ń sè jẹ, méjèèjì kì í sì í ṣe kókó tí wọ́n ń ta sídìí okùn. Ohùn nìkan ló yà wọ́n.

Lẹ́yìn náà, ẹ gbé orúkọ náà lọ sí ìlú kejì. Bí a bá ní ilé ní Òṣogbo, ulé ni ará Iléṣà yóò pè é nínú ẹ̀ka èdè rẹ̀. Nítorí náà, orúkọ tó bá fi "i" bẹ̀rẹ̀ lè yí padà kó tó dé ọjà Àtàkúnmọ́sà ní Iléṣà. Kọfí adéfìlà kò ní ìṣòro yẹn. Ẹ tún béèrè lọ́wọ́ àgbà ibẹ̀ bóyá ọ̀rọ̀ náà ní ìtumọ̀ tí kò dára lọ́dọ̀ wọn.

Ẹ gbìyànjú kíkọ dalgona lọ́nà tiwa pẹ̀lú, kí ẹ lè rí ìyàtọ̀. Yorùbá kì í so "l" àti "g" pọ̀ láìsí fáwẹ̀lì láàárín wọn. Yóò di dàlúgónà. Ẹnu lè gbà á, ṣùgbọ́n kò sọ nǹkan kan fún ẹni tó gbọ́ ọ.

Ẹ gbé e lọ sójú títì

Ẹ jẹ́ kí ẹnì kan dúró sódìkejì títì ní Ọláìyá ní Òṣogbo, níbi tí ariwo mọ́tò pọ̀ sí, kó pariwo orúkọ náà. Bí ẹ kò bá gbọ́ ọ yékéyéké, ẹ gé e kúrú. Ẹ bi ọmọdé, ẹ bi awakọ̀, ẹ bi ìyá arúgbó pé kí wọ́n pè é lẹ́ẹ̀kan péré, kí ẹ má ṣe tún un ṣe fún wọn. Bí àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta bá kọsẹ̀, orúkọ náà ló ní àbùkù, ẹnu wọn kò ní.

Ẹ kọ ọ́ dáadáa

Àwọn tó ń kun pátákó sábà máa ń fo àmì. Ẹ kọ orúkọ náà sórí ìwé pẹ̀lú gbogbo àmì rẹ̀ kí ẹ tó fún wọn, kí ẹ sì dúró tì wọ́n. Ọ̀nà kan ṣoṣo ni kí ẹ máa gbà kọ ọ́, lórí pátákó, lórí ife, lórí fóònù. Ẹ kọ dalgona ní kékeré sábẹ́ rẹ̀ fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó mọ̀ ọ́n bẹ́ẹ̀. Ẹ má fi ìwòsàn kún orúkọ ohun tí kì í ṣe oògùn. Bí ẹ bá sì fẹ́ dì í sínú ike kí ẹ máa tà á káàkiri, ẹ lọ rí NAFDAC, àjọ tó ń rí sí oúnjẹ àti oògùn, kí ẹ tó tẹ orúkọ kankan sára rẹ̀.

Ohun tó kù kò sí lọ́wọ́ yín. Ẹ fetí sí bí àwọn oníbàárà ṣe ń béèrè. Nígbà tó di ọ̀sẹ̀ kejì, kò sẹ́ni tó ń pe "kọfí" mọ́ níbi àtẹ ọmọ àbúrò mi. "Fún mi ní adéfìlà kan" ni wọ́n ń wí. Mo ní kó yí pátákó rẹ̀ padà, kó kọ ADÉFÌLÀ gàdàgbà, kó sì fi kọfí sábẹ́ rẹ̀ kí ẹni tó ń sá fún àìsùn lè rí i. Ohun tí aráàlú bá gé, ẹ gé e bẹ́ẹ̀. Orúkọ tí wọ́n bá ti ń gé kúrú ti di tiwọn.