Fún Ẹ̀yin Ọmọ Ajido Tó Ń Ka Lítíréṣọ̀

Ẹ̀yin ọmọ wa tó ń ti Ajido lọ sí LASU ní Ọ̀jọ́, ẹ kú ìrọ́jú ọ̀nà Àgbádárìgì. Mo gbọ́ pé àwọn kan nínú yín fẹ́ kọ iṣẹ́ àṣekágbá wọn lórí àwọn òǹkọ̀wé ọlọ̀tẹ̀ ilẹ̀ Amẹ́ríkà: Ginsberg, Kerouac, Burroughs. Ó dára bẹ́ẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ dàgbà sí ìdí eégún Zàngbétò, ohun tó ṣàjèjì kò yẹ kó dẹ́rù bà yín. Àmọ́ kí ẹ tó lọ ṣe fótókọ́pì ọ̀rọ̀ àwọn lámèyítọ́, ẹ gbọ́ tẹnu mi, torí ohun tó ṣẹlẹ̀ sí àwọn òǹkọ̀wé náà lọ́hùn-ún ti kọ́kọ́ ṣẹlẹ̀ sí ọmọ Abẹ́òkúta kan.

Amos Tútùọlá ni mò ń sọ. Ní 1952, ilé iṣẹ́ Faber and Faber ní Lọ́ńdọ̀nù gbé ìwé rẹ̀, The Palm-Wine Drinkard, jáde. Ìránṣẹ́ ọ́fíìsì ìjọba ni l'Ékòó, ilé ẹ̀kọ́ tó sì lọ kò pọ̀. Akéwì Dylan Thomas kan sáárá sí i nínú ìwé ìròyìn The Observer. Àwọn ọmọ Nàìjíríà tó kàwé ní tiwọn bínú, wọ́n gba inú ìwé ìròyìn West Africa sọ ọ́ síta: Gẹ̀ẹ́sì ọkùnrin yìí ń dójú tì wá, àlọ́ tí gbogbo wa mọ̀ ló kó jọ, Fágúnwà ló sì jí wò. Ní 1953 ni Grove Press tẹ ìwé náà ní New York. Grove Press yìí kan náà ló gbé Naked Lunch tí Burroughs kọ jáde ní Amẹ́ríkà ní 1962.

Àtẹni tó yìn ín, àtẹni tó bú u, ọkùnrin náà ni ọ̀pọ̀ nínú wọn ń wò. Òyìnbó rí ará oko tí ìwé kò tíì bà jẹ́. Àwọn tiwa rí ìránṣẹ́ tó fẹ́ tú wa síta lójú àlejò. Ìwé ńkọ́?

Ẹ ṣí i síbi tí ọ̀mùtí inú ìtàn náà àti ìyàwó rẹ̀ ti fẹ́ wọ inú igi funfun ńlá. Lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ta ikú wọn ní £70, ṣílè 18 àti sísì, wọ́n sì yá ẹlòmíì ní ẹ̀rù wọn, èlé rẹ̀ jẹ́ £3 àti ṣílè 10 lóṣù. Nígbà tí wọ́n jáde, wọ́n gba ẹ̀rù wọn padà, ṣùgbọ́n ikú tí wọ́n ti tà kò ṣeé gbà mọ́. Bí wọ́n ṣe di ẹni tí kò lè kú mọ́ nìyẹn, tí ẹ̀rù sì ń bà síbẹ̀. Àlọ́ wo lẹ ti gbọ́ sísì bẹ́ẹ̀ yẹn rí? Bóyá iṣẹ́ ọ́fíìsì ló kọ́ Tútùọlá ní ìṣirò. Èmi ò ní gbé gbogbo rẹ̀ lé ìyẹn lórí. Ibẹ̀ ni màá ti bẹ̀rẹ̀ bó bá jẹ́ èmi ni mò ń kọ iṣẹ́ yín.

Faber tẹ ojú ewé kan tí Tútùọlá fọwọ́ ara rẹ̀ kọ mọ́ ìwé náà, pẹ̀lú àtúnṣe àwọn atẹ̀wé lórí rẹ̀. Ẹ wò ó dáadáa. Ẹnìkan jókòó, ó pinnu èyí tí wọn yóò tún ṣe àti èyí tí wọn yóò fi sílẹ̀. Ẹni tó bá ní Gẹ̀ẹ́sì náà kàn ṣàn jáde lásán kò tíì rí ojú ewé yẹn.

Irú ìtàn bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń sọ nípa Kerouac: pé ọ̀sẹ̀ 3 ló fi tẹ On the Road lórí bébà gígùn kan ní oṣù April 1951. Òótọ́ ni bébà náà o. Ṣùgbọ́n 1957 ni ìwé jáde, àwọn tó yẹ ìwé àkọsílẹ̀ rẹ̀ wò sì rí i pé ó ti ń kọ ọ́ ṣáájú, ó sì tún un kọ lẹ́yìn náà. Ẹ ka lámèyítọ́ Podhoretz tó bú Kerouac àti ẹgbẹ́ rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn Partisan Review ní 1958. Ẹnu rẹ̀ mú, ó sì kọjá ààyè níbì kan, ṣùgbọ́n ó ń tọ́ka sí gbólóhùn tó ń bú. Ìyẹn wúlò fún yín ju àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n tó jẹ́rìí nílé ẹjọ́ ní San Francisco ní 1957, nígbà tí wọ́n fẹ̀sùn ọ̀rọ̀ rírùn kan Howl ti Ginsberg. Àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n náà ń gba ìwé sílẹ̀ lọ́wọ́ ọlọ́pàá ni. Ẹni tó ń yọ ènìyàn nínú iná kì í tún dúró wọn aṣọ rẹ̀. Adájọ́ Clayton Horn dá ìwé náà láre, ó sì tó bẹ́ẹ̀. Ẹ má fi ìdájọ́ rẹ̀ ṣe ẹ̀rí pé ewì náà dùn.

Ní ti Tútùọlá, ó di 1977, ní Yunifásítì Ìbàdàn, kí òǹkọ̀wé Achebe tó dúró kà á bí ẹni tó mọ ohun tó ń ṣe. Ó bi ìwé náà léèrè ọ̀rọ̀ iṣẹ́ àti eré: kí ni ti ọkùnrin tí bàbá rẹ̀ fún ní ọ̀pẹ 560,000, tí kò mọ̀ ju kó máa mu ẹmu lọ?

Ẹ̀sùn olè ṣì wà nílẹ̀. Kí ẹ tó gbà á tàbí kí ẹ tó kọ̀ ọ́, ẹ gbé Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀ ti Fágúnwà tó jáde ní 1938 sí ẹ̀gbẹ́ ti Tútùọlá, kí ẹ sì kà wọ́n pọ̀, orí kan sí orí kan. Tí ẹ bá kọ ohun tí ẹ rí tán, ẹ gbé e wá sílé. Mo ṣì ní báírò pupa.