Ìtọ́jú Ọwọ́, Ìka àti Ẹsẹ̀ Àgbẹ̀: Ìbéèrè àti Ìdáhùn

Ẹ̀yin àgbẹ̀ wa, kí ènìyàn tó ní àdá, kí ó tó ní ọkọ́, ó ti ní ọwọ́. Bí àdá kò bá mú mọ́, a lè pọ́n ọn. Bí èèkù ọkọ́ bá ṣẹ́, a lè gbẹ́ òmíràn. Ṣùgbọ́n ìka tí ó bá gé kúrò kì í hù padà bí ọ̀gẹ̀dẹ̀. Nínú ẹ̀kọ́ yìí, a ó dáhùn àwọn ìbéèrè tí ó máa ń jẹyọ nípa ọwọ́ àti ẹsẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́ oko. Kí ẹni tí ó mọ̀wé nínú ilé kà á sí etí àwọn yòókù.

1. Kí ni ó ń mú kí ọgbẹ́ kékeré ní ọrùn ọwọ́ sọ ìka di aláìlágbára?

Egungun 27 ni ó wà nínú ọwọ́ kan. Mẹ́rìnlá nínú wọn wà nínú ìka: àtàńpàkò ní méjì, ìka mẹ́rin yòókù sì ní mẹ́ta mẹ́ta. Ṣùgbọ́n kò sí ẹran tí ń fa ìka nínú ìka fúnra rẹ̀. Èyí tí ó lágbára jù nínú ẹran tí ń ká ìka àti èyí tí ń nà án wà ní apá, láàrin ìgunpá àti ọrùn ọwọ́. Okùn funfun tí ó le ni ó so ẹran náà mọ́ ìka. Ẹ fi ọwọ́ òsì di apá ọ̀tún mú, kí ẹ máa ká ìka ọ̀tún kí ẹ sì máa nà án. Ẹ ó mọ̀ ọ́n lára pé apá náà ń mì lábẹ́ ọwọ́ yín.

Nítorí náà, bí àdá bá ṣá ènìyàn ní ọrùn ọwọ́ tàbí ní àtẹ́lẹwọ́, ojú ọgbẹ́ náà lè kéré, kí okùn ìka sì ti gé nínú. Lẹ́yìn tí ẹ̀jẹ̀ bá dá, kí ó ká ìka kọ̀ọ̀kan, kí ó sì nà án. Kí ó di ojú, kí ẹlòmíràn fi ìgbálẹ̀ kan ṣoṣo kan orí ìka náà. Bí ìka kan kò bá ká, tí kò nà, tàbí tí kò mọ ohun tí ó kàn án, ilé ìwòsàn ni kí ó lọ ní ọjọ́ náà gan-an. Okùn tí a bá tètè rán sábà máa ń so padà. Èyí tí a bá fi sílẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ púpọ̀ a sún kì, iṣẹ́ rírán rẹ̀ a sì ṣòro.

2. Kí ni kí a fi sí ojú ọgbẹ́?

Ohun àkọ́kọ́ ni láti dá ẹ̀jẹ̀ dúró. Ẹ fi aṣọ mímọ́ tẹ ojú ọgbẹ́ náà gidigidi, kí ẹ gbé ọwọ́ tàbí ẹsẹ̀ náà sókè, kí ẹ sì tẹ̀ ẹ́ fún ìṣẹ́jú 10 láìṣí i wò. Lẹ́yìn èyí, ẹ fi ọṣẹ àti omi mímọ́ tí ń ṣàn fọ̀ ọ́ dáadáa, kí ẹ sì fi aṣọ mímọ́ bò ó. Ṣùgbọ́n bí ọgbẹ́ náà bá jìn tí ẹ̀jẹ̀ sì pọ̀, ẹ má ṣe ṣí i láti fọ̀ ọ́. Ẹ máa tẹ̀ ẹ́ títí ẹ ó fi dé ilé ìwòsàn.

Ẹ má ṣe fi ìgbẹ́ màlúù, eérú, áṣáà, bẹntiróòlù tàbí omi bátìrì sí i. Àwọn mìíràn nínú wọn ń jó ẹran ara, àwọn mìíràn sì ń kó kòkòrò àrùn wọ inú rẹ̀. Èyí tí ó burú jù ni kòkòrò àrùn tẹ́tánọ́ọ̀sì, tí ń gbé inú ilẹ̀ àti ìgbẹ́ ẹran. Ihò ìṣó tàbí ẹ̀gún tí ó jìn tí kò sì ṣẹ̀jẹ̀ púpọ̀ ni ó fẹ́ràn jù. Láàrin ọjọ́ 3 sí 21, ẹnu aláìsàn lè bẹ̀rẹ̀ sí í tì pa, ara rẹ̀ a sì gan. Ọ̀pọ̀ ni ó ń ti ibẹ̀ kú. Abẹ́rẹ́ àjẹsára ni ààbò rẹ̀. A ń fún ọmọ ọwọ́ ní ọ̀sẹ̀ 6, 10 àti 14. Àgbàlagbà tí ó ti gbà á pé gbọ́dọ̀ tún un gbà ní ọdún mẹ́wàá mẹ́wàá. Bí ọgbẹ́ oko bá jìn tàbí tí ó dọ̀tí, tí abẹ́rẹ́ ìkẹyìn sì ti ju ọdún márùn-ún lọ, kí a tún un gbà láìdúró.

3. Ṣé ó dára kí a di apá tàbí ẹsẹ̀ tí ó ṣẹ́ pinpin?

Ó dára kí a fi igi tì í kí ó má ṣe mì, ṣùgbọ́n kò dára kí a dì í pinpin. Ìbéèrè yìí ni ó yẹ kí a fara balẹ̀ sí jù lọ, nítorí ọ̀pọ̀ ẹsẹ̀ àti apá ni a ti gé ní àwọn ilé ìwòsàn wa, tí kì í ṣe ṣíṣẹ́ ni ó bà á jẹ́ bí kò ṣe okùn tí a fi dì í. Àwọn ọmọdé pọ̀ nínú àwọn tí ọ̀ràn yìí ti ṣẹlẹ̀ sí.

Bí ó ti ń ṣẹlẹ̀ nìyí. Apá tí ó ṣẹ́ a máa wú fún ọjọ́ díẹ̀. Bí a bá ti fi ọparun àti okùn dì í kí ó tó wú tán, ìdì náà kò ní fà. Inú ara ni wíwú náà yóò máa fún mọ́. Ẹ̀jẹ̀ kò ní rí ọ̀nà gbà mọ́. Ẹran ara tí kò bá rí ẹ̀jẹ̀ fún nǹkan bí wákàtí mẹ́fà a bẹ̀rẹ̀ sí í kú, a dúdú, a sì máa rùn. Nígbà náà, gígé nìkan ni ó lè gba ẹ̀mí aláìsàn là.

Àwọn àmì tí ẹ ó máa wò nìwọ̀nyí:
(a) Ìrora tí ń pọ̀ sí i dípò kí ó dín kù, pàápàá bí ẹlòmíràn bá rọra na ìka aláìsàn náà.
(b) Ìka tí ó tutù, tí kò sì mọ ohun tí ó kàn án.
(d) Ìka tí aláìsàn kò lè mì.
(e) Èékánná tí àwọ̀ rẹ̀ kò tètè padà. Ẹ tẹ èékánná náà títí yóò fi funfun, kí ẹ sì fi í sílẹ̀. Kí ẹ tó ka ení, èjì, ẹ̀ta tán, ó yẹ kí ó ti pọ́n padà.

Bí ẹ bá rí ọ̀kan nínú wọn, ì báà jẹ́ ọ̀gànjọ́ òru, ẹ tú ìdì náà dé awọ ara, kí ẹ sì gbé aláìsàn lọ sí ilé ìwòsàn. Bí ọmọ bá ń ké lẹ́yìn ìdì, ẹ má ṣe sọ pé kí ó fara dà á. A kò fi ọ̀rọ̀ yìí gan àwọn tí ń to eegun. Kí àwọn náà mọ àmì wọ̀nyí ni.

Bákan náà ni ti ejò. Okùn tí a so mọ́ òkè ibi tí ejò bu ènìyàn jẹ lè pa ẹsẹ̀ náà. Ẹ má ṣe so ó, ẹ má ṣe sín in ní gbẹ́rẹ́, ẹ má sì ṣe fi ẹnu fa oró rẹ̀. Ẹ bọ́ òrùka àti ìlẹ̀kẹ̀ kúrò kí ó tó wú, ẹ fi igi tì í kí ó má ṣe mì, kí ẹ sì gbé ẹni náà lọ sí ibi tí abẹ́rẹ́ oró ejò wà. Kí ó má ṣe fi ẹsẹ̀ rìn bí ọ̀nà mìíràn bá wà.

4. Bí ẹ̀rọ tàbí àdá bá gé ìka kúrò ńkọ́?

Ẹ tọ́jú ojú ọgbẹ́ bí a ti wí. Ẹ má ṣe ju ìka náà nù. Ẹ fi aṣọ mímọ́ tí a fi omi rin díẹ̀ wé e, ẹ fi í sínú ọ̀rá, kí ẹ dì í lẹ́nu. Ọ̀rá yìí ni kí ẹ gbé sínú omi tí yìnyín wà nínú rẹ̀. Kí yìnyín má ṣe kan ìka náà. Kì í ṣe gbogbo ilé ìwòsàn ni ó lè rán an padà, kì í sì í ṣe gbogbo ìka ni ó ṣeé rán, ṣùgbọ́n ìka tí a kò gbé dé ọ̀dọ̀ dókítà kò ní ìrètí kankan.

5. Ṣé pajápajá àti àìmọ̀lára jẹ́ ohun kan náà?

Rárá. Pajápajá tí ń mú ni bí a bá jókòó lé ẹsẹ̀ a máa lọ láàrin ìṣẹ́jú díẹ̀. Ṣùgbọ́n bí ojú kan lára bá hó tàbí tí ó pọ́n, tí kò sì mọ òtútù tàbí ìgúnni abẹ́rẹ́, ó lè jẹ́ ẹ̀tẹ̀. Oògùn rẹ̀ wà lọ́fẹ̀ẹ́. Oṣù 6 tàbí 12 ni a ń lò ó. Ẹni tí ó bá tètè bẹ̀rẹ̀ kò ní pàdánù ìka rẹ̀.

6. Báwo ni a ṣe lè dènà ewu wọ̀nyí?

Bí ẹ bá ń fọ́ èso kòkó, ẹ lo kùmọ̀ igi dípò àdá: kò ní ṣá ọwọ́ tí ó di èso náà mú, kò sì ní gé hóró kòkó tí ẹ fẹ́ tà. Bí ẹ bá ń ṣán oko, igi oníkọ̀ọ́ ni kí ẹ fi fa koríko, kí ẹ má ṣe fi ọwọ́ fà á. Wọ bàtà rọ́bà gígùn. Nídìí ẹ̀rọ tí ń rin ẹ̀gẹ́, pákó ni kí ẹ máa fi ti ẹ̀gẹ́ sínú rẹ̀. Ẹ bọ́ òrùka, ẹ ká apá aṣọ sókè, kí ẹ sì pa ẹ̀rọ náà pátápátá kí ẹ tó yọ ohun tí ó bá há sí i.

Ọwọ́ kan kò gbé ẹrù dé orí. Ẹ jẹ́ kí a tọ́jú méjèèjì, kí a lè máa fi wọ́n ṣiṣẹ́ títí di ọjọ́ ogbó.