Ibi Tí Oró Fara Pamọ́ Sí Nínú Ẹ̀gẹ́

Ẹ̀kọ́ wa ti ọ̀sẹ̀ yìí dá lórí ẹ̀gẹ́, èyí tí àwọn ẹlòmíràn ń pè ní gbágùúdá tàbí pákí. Agbára káká ni a ó fi rí ilé kan ní Mowe, Ibafo tàbí Ifọ̀ tí a kì í ti í jẹ gàárì, fùfú tàbí láfún. Gbogbo wa ni a sì mọ̀ pé oró wà nínú ẹ̀gẹ́ tútù. Ṣùgbọ́n apá ibo lára rẹ̀ ni oró náà wà? Ṣé èèpo nìkan ni? Ẹni tí ó bá rò pé ewu tán nígbà tí òun bá ti bó èèpo sọnù, kí ó fetí sí ẹ̀kọ́ yìí dé òpin.

Àwọn onímọ̀ ti rí ọ̀nà kan tí wọ́n fi ń ya àwòrán ohun tí ojú kò lè rí. Àwọn ẹyọ tín-ín-tìn-ìn-tín ni ó para pọ̀ di ara ènìyàn, ẹran àti ewéko, irú kọ̀ọ̀kan sì ní ìwọ̀n tirẹ̀, tí a fi ń dá a mọ̀. Bí a bá pe ìwọ̀n ẹyọ háídrójìn, tí ó fúyẹ́ jù lọ, ní 1, ìwọ̀n línámárìn, ìyá oró inú ẹ̀gẹ́, yóò jẹ́ nǹkan bí 247.

Ní ọdún 2004, Graham Cooks àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Yunifásítì Purdue, ní Amẹ́ríkà, gbé irú ọ̀nà bẹ́ẹ̀ kan jáde. Wọn a fọ́n omi tí ó ní agbára iná mànàmáná sí ojú kan lára ohun tí wọ́n ń yẹ̀ wò, bí ìrì. Ìrì náà a gbé díẹ̀ nínú àwọn ẹyọ ibẹ̀ wọ inú ẹ̀rọ, ẹ̀rọ a sì wọ̀n wọ́n. Wọn a sún sí ojú kejì àti ìkẹta, títí wọn yóò fi kárí i. Kọ̀ǹpútà a wá fi àwọ̀ ya àwòrán ibi tí ohun tí a ń wá gbé pọ̀ àti ibi tí ó gbé kéré, gẹ́gẹ́ bí awọnlẹ̀ ti ń rin ilẹ̀ ká kí ó tó ya àwòrán rẹ̀.

Ní ọdún 2013, àwọn olùwádìí ní Yunifásítì Copenhagen, ní ilẹ̀ Denmark, tẹ àbájáde irú àwòrán bẹ́ẹ̀ jáde. Wọ́n gé ẹ̀gẹ́ dídì ní fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́, wọ́n sì rí i pé ìpele ìta ni oró náà pọ̀ sí jù lọ. Ọgbọ́n ni àwọn ìyá wa ń lò, nígbà náà, tí wọ́n fi ń bó èèpo nípọn. Ṣùgbọ́n ẹ kíyè sí i: "pọ̀ jù lọ" kì í ṣe "nìkan". Oró wà nínú ara funfun ẹ̀gẹ́ pẹ̀lú, ọ̀bẹ kò sì lè bó o kúrò.

Kí ni ó ń mú un kúrò? Línámárìn wà ní yàrá tirẹ̀ nínú ẹ̀gẹ́. Línámárésì, tí í fọ́ ọ, wà níbòmíràn. Nígbà tí a bá rin ẹ̀gẹ́, ògiri àárín wọn wó, wọ́n pàdé, línámárìn sì fọ́ títí ó fi di sáyánáìdì. Díẹ̀ nínú rẹ̀ a bá omi jáde nínú àpò tí a fún. Púpọ̀ nínú èyí tí ó kù a fò lọ bí afẹ́fẹ́ nígbà tí a bá ń yan gàárì. Ọjọ́ tí ẹ̀gẹ́ fi ń kan nínú àpò kì í ṣe ọjọ́ òfò rárá.

Ní ọdún 1981, ọ̀dá mú ní àríwá Mozambique. Ebi kò jẹ́ kí àwọn ènìyàn lè ṣe ẹ̀gẹ́ kíkorò bí ó ti yẹ kí wọ́n tó jẹ ẹ́. Ó lé ní 1,000 ènìyàn tí ẹsẹ̀ wọn rọ, obìnrin àti ọmọdé ni ó sì pọ̀ jù nínú wọn.

Nítorí náà, ẹ̀yin ìyá wa tí ẹ ń ṣe gàárì, ẹ má ṣe jẹ́ kí ìkánjú oníbàárà mú yín yan ẹ̀gẹ́ ní ọjọ́ tí ẹ rin ín. Ẹ bó o nípọn, ẹ rin ín kúnná, ẹ jẹ́ kí ó kan fún ọjọ́ méjì sí mẹ́ta, ẹ fún un gbẹ, ẹ sì yan án jinná. Ẹ sá èèpo gbẹ kí ẹ tó fi bọ́ ewúrẹ́. Ohun tí a bá fi ẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́.