Kí Ẹ Tó Sọ Pé Géèmù Yín Ti Sọnù

Ẹ̀yin ọmọ mi, ohun tí mo fẹ́ bá yín sọ kò ju pé kí ẹ máa wá nǹkan yín dáadáa kí ẹ tó pariwo pé ó sọnù. Géèmù orí kọ̀ǹpútà ni mo ń wí. Mo ti rí ọ̀dọ́ tó fi dátà oṣù kan gba géèmù tó ti ní tẹ́lẹ̀, tí ẹ̀dà àkọ́kọ́ sì wà jẹ́jẹ́ nínú fódà Downloads kan náà, tí kọ̀ǹpútà wá ń fi nọ́ńbà 1 sí ìdí orúkọ ti ẹ̀ẹ̀kejì kí méjèèjì má baà dàpọ̀. Owó dátà kì í ṣe owó kékeré, iná ìjọba kò sì ní dúró dè yín títí ohun tó tó gígábáìtì méjì yóò fi wọlé tán. Ó dùn mí bí ọmọ bá fi owó àti oorun òru kan ra ohun tó ti jẹ́ tirẹ̀.

Géèmù indie ni ọ̀rọ̀ yìí kàn jù, àwọn tí ẹnì kan tàbí ọ̀rẹ́ mélòó kan jókòó ṣe fúnra wọn láìsí iléeṣẹ́ ńlá lẹ́yìn wọn. Eric Barone nìkan ló ṣe Stardew Valley, ó lò ju ọdún mẹ́rin lọ nídìí ẹ̀ kó tó gbé e jáde ní oṣù Kejì ọdún 2016. Daisuke Amaya, ọmọ ilẹ̀ Japan, fi ọdún márùn-ún ṣe Cave Story nígbàkígbà tí ọwọ́ rẹ̀ bá dilẹ̀, ó sì gbé e fún gbogbo ayé lọ́fẹ̀ẹ́ ní 2004. Irú géèmù báyìí kì í gba ẹnu ọ̀nà kan ṣoṣo wọlé. Òmíràn gba Steam, òmíràn gba itch.io tí Leaf Corcoran dá sílẹ̀ ní 2013, òmíràn gba GOG, òmíràn sì jẹ́ zip lásán tí ọ̀rẹ́ yín dà fún yín láti inú flash. Ìdí nìyí tó fi jẹ́ pé ohun tí ẹ máa kọ́kọ́ bi ara yín ni pé: ọ̀nà wo lèyí gbà wọlé? Ẹni tó bá ti rántí ìyẹn ti wá a dé ìdajì.

Ti Steam kò le. Ẹ ṣí Library, ẹ fi apá ọ̀tún mouse tẹ orúkọ géèmù náà, ẹ lọ sí Manage, ẹ tẹ Browse local files, fódà rẹ̀ á ṣí síwájú yín. Bí ẹ ṣe máa rí fódà Aurion nìyẹn, géèmù tí àwọn ọmọ Cameroon ní iléeṣẹ́ Kiro'o Games gbé jáde ní 2016, tó wù mí kí gbogbo yín fojú kàn. Ohun kan wà nídìí Steam tí ọ̀pọ̀ yín ò mọ̀. Bí wọ́n bá tún Windows yín ṣe, tí àwọn géèmù sì wà lórí dírááfù D, ẹ má bẹ̀rẹ̀ sí í gbà wọ́n láti ìbẹ̀rẹ̀. Ẹ fi Steam padà sórí ẹ̀rọ, ẹ wọ Settings, ẹ wọ Storage, ẹ fi D hàn án. Á rí àwọn fáìlì tó wà níbẹ̀, á yẹ̀ wọ́n wò, kìkì ohun tó bá dín ló máa gbà. Àmọ́ o, ẹni tó bá yọ Steam fúnra rẹ̀ kúrò lórí kọ̀ǹpútà, gbogbo géèmù tó wà nínú fódà Steam náà ló máa bá a lọ.

Itch.io ni ọwọ́ yín ti ń dàrú. Ẹni tó bá ń lo áàpù itch, kó má wá géèmù rẹ̀ ní Downloads, kò sí níbẹ̀. Ẹ tẹ bọ́tìnnì Windows pọ̀ mọ́ R, ẹ kọ %appdata% sínú àpótí kékeré tó bá yọ, ẹ tẹ Enter, ẹ wọ fódà itch, ẹ wọ apps. Ibẹ̀ ni wọ́n tò sí, kálukú nínú fódà tirẹ̀. AppData yìí jẹ́ fódà tí Windows fi pa mọ́. Bí ẹ ò bá gba ọ̀nà tí mo sọ yẹn, tí ẹ ò sì sọ fún Windows pé kó fi í hàn, ẹ ó wá a títí ilẹ̀ á fi ṣú. Láti fi í hàn lórí Windows 11, ẹ ṣí File Explorer, ẹ tẹ View, ẹ tẹ Show, kí ẹ sì mú Hidden items.

Ẹni tó bá fi Chrome tàbí Edge gba tirẹ̀, kó tẹ Ctrl pọ̀ mọ́ J. Àkọsílẹ̀ ohun tó ti gbà á yọ síta, èyí tó bá sì ti pa rẹ́, Chrome á ti fa ìlà la orúkọ rẹ̀ kọjá.

Ẹ̀yin tí ẹ ra ẹrù ńlá ti oṣù Kẹfà ọdún 2020, mo ní ọ̀rọ̀ fún yín. Lẹ́yìn tí ọlọ́pàá pa George Floyd, aláwọ̀ dúdú kan ní Amẹ́ríkà, itch.io kó géèmù àti iṣẹ́ mìíràn tó lé ní 1,700 jọ, kí owó tó bá wọlé lè gbèjà àwọn aláwọ̀ dúdú ní Amẹ́ríkà. Dọ́là 5 ni owó tó kéré jù níbẹ̀, ohun tí wọ́n sì rí kó jọ lé ní mílíọ̀nù dọ́là mẹ́jọ. Ọ̀pọ̀ ẹni tó rà á ló lọ wo library rẹ̀, tí kò bá nǹkan kan, tó sì gbà pé wọ́n ti jẹ owó òun. Wọn ò jẹ ẹ́. Àwọn géèmù yẹn kì í wọ library fúnra wọn. Ẹ padà sínú íméèlì, ẹ wá lẹ́tà tí wọ́n fi ránṣẹ́ lọ́jọ́ tí ẹ sanwó, ẹ gbabẹ̀ dé ojú ewé ẹrù náà, kí ẹ wá orúkọ èyí tí ẹ fẹ́, kí ẹ tẹ Download. Ìgbà yẹn ló tó wọ library yín.

Ẹ jẹ́ ká dúró díẹ̀ nídìí zip, torí ibẹ̀ ni ẹkún pọ̀ sí jù. Ọmọ gba géèmù wálẹ̀, ó tẹ zip náà lẹ́ẹ̀mejì, ó rí fáìlì exe nínú rẹ̀, ó tún tẹ ìyẹn náà. Windows kìlọ̀ fún un pé kó kọ́kọ́ tú gbogbo rẹ̀ sílẹ̀, ṣùgbọ́n ojú ń kán an, ló bá tẹ Run. Ohun tí Windows ṣe ni pé ó yọ exe yẹn sínú fódà onígbà díẹ̀ kan tó ń jẹ́ Temp, ibẹ̀ ló ti ṣí i. Ọ̀pọ̀ géèmù ni kò ní ṣiṣẹ́ báyẹn, torí àwọn fáìlì tó gbójú lé kò bá a wá. Èyí tó bá ṣiṣẹ́ ló léwu jù. Bó bá jẹ́ irú tó ń kọ ibi tí ẹ bá eré dé sí ẹ̀gbẹ́ ara rẹ̀, inú Temp ló ń kọ ọ́ sí. Lọ́jọ́ tí Windows bá gbá Temp, gbogbo ohun tí ẹ ti fi òru ṣe lọ nìyẹn, ẹ ó sì máa sọ pé géèmù náà kò dáa.

Ẹ máa tú zip kí ẹ tó ṣeré. Ẹ fi apá ọ̀tún mouse tẹ̀ ẹ́, ẹ mú Extract All, kí ẹ sì gbé e sínú fódà tó ní orúkọ. Bí ẹ bá ṣe bẹ́ẹ̀ fún Cave Story, ẹ ó rí Doukutsu.exe, ẹ ó sì rí i pé lẹ́yìn tí ẹ bá ti fi eré pa mọ́ nígbà àkọ́kọ́, fáìlì kan tó ń jẹ́ Profile.dat á yọ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Kékeré ni, kò jọ nǹkan kan lójú, òun sì ni gbogbo ìrìnàjò yín nínú eré yẹn. Ẹni tó bá wá pa fódà náà rẹ́ nítorí pé zip rẹ̀ ṣì wà nílẹ̀ ti pa ìrìnàjò rẹ̀ rẹ́. Zip kò mọ ibi tí ẹ dé.

Bí ẹ ò bá wá rántí ọ̀nà tó gbà wọlé ńkọ́? Bí orúkọ rẹ̀ pàápàá bá ti fò yín lórí? Kì í ṣe gbogbo géèmù ló ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ nínú kọ̀ǹpútà. Àwọn tí wọ́n fi RPG Maker ṣe, Game.exe ni ọ̀pọ̀ nínú wọn ń jẹ́, ẹ lè ní mẹ́fà kí gbogbo wọn máa jẹ́ orúkọ kan náà. Ẹ fi ilà ojú wá wọn. Irinṣẹ́ tí wọ́n fi ṣe géèmù máa ń kọ ilà tirẹ̀ sójú ọmọ. Èyí tí wọ́n fi Unity ṣe sábà máa ń ní UnityPlayer.dll, pẹ̀lú fódà kan tí orúkọ rẹ̀ parí sí _Data. Ti GameMaker ní data.win, ẹ ó rí i nínú Undertale tí Toby Fox gbé jáde ní 2015. Ti Godot sábà máa ń ní fáìlì tó parí sí .pck, ti Ren'Py sì ní fódà tó ń jẹ́ renpy. Ẹ ṣí This PC, ẹ kọ ọ̀kan nínú àwọn orúkọ yìí sínú àpótí ìwákiri tó wà lókè lápá ọ̀tún, kí ẹ sì ní sùúrù, torí Windows kì í tètè wá nǹkan. Ẹni tí kò bá lè dúró, kó lo Everything ti voidtools. Ọ̀fẹ́ ni, bí ẹ bá ṣe ń tẹ lẹ́tà ló ń mú èsì wá, n kò sì tíì rí èyí tó yá jù ú lọ.

Bí gbogbo èyí bá já sí òfo, ẹ wo àtìmọ́lé. Windows Security máa ń mú exe àwọn tó ń dá ṣe géèmù nítorí pé kò mọ̀ wọ́n rí, kì í sì í ṣe gbogbo ìgbà tó mú nǹkan ni nǹkan ọ̀hún jẹ̀bi. Ẹ ṣí i, ẹ lọ sí Virus & threat protection, ẹ wo Protection history. Bí géèmù yín bá wà níbẹ̀, ẹ má kánjú tú u sílẹ̀. Bó bá jẹ́ ọwọ́ ẹni tó ṣe é lẹ ti gbà á, ẹ fi ẹ̀dà rẹ̀ sí VirusTotal, ojú òpó tó ń yẹ fáìlì wò bóyá ó ní kòkòrò, kí ẹ ka èsì rẹ̀ ná. Bó bá jẹ́ èyí tí wọ́n já títì rẹ̀ tí wọ́n ń pín kiri, ẹ fi í sílẹ̀ níbi tó wà, Windows ṣe yín lóore.

Ìdí tí mo fi ń tẹ ọ̀rọ̀ yìí mọ́ yín létí ju ti owó dátà lọ. Géèmù iléeṣẹ́ ńlá sábà máa ń pẹ́ lórí àtẹ. Ti ẹni tó dá ṣe tirẹ̀ lè kúrò láàárọ̀ ọ̀la, torí ẹnì kan ṣoṣo ló ni ín, ó sì lè sú u. Ní oṣù Kejì ọdún 2014, Dong Nguyen, ọmọ Vietnam tó ṣe Flappy Bird, yọ ọ́ kúrò lórí àtẹ nígbà tí gbogbo ayé ń ṣe é lọ́wọ́. Àwọn tó ti ní in lórí fóònù ń bá eré wọn lọ, àwọn tó ti pa tiwọn rẹ́ ò rí i gbà mọ́. Nígbà tí Flash náà, ètò tó ń gbé eré orí íńtánẹ́ẹ̀tì, kì í ṣe flash tí ẹ ń kó fáìlì sí, kógbá sílé ní òpin ọdún 2020, ọ̀pọ̀ eré kéékèèké tí àwọn ẹ̀gbọ́n yín fi dàgbà bá a wọlẹ̀. Ẹ̀dà tó wà nínú Downloads yín lè jẹ́ èyí tó kẹ́yìn tí ọwọ́ yín máa tẹ̀. Ẹ wò ó dáadáa kí ẹ tó sọ pé inú kọ̀ǹpútà ti kún.

Kí ẹ sì tó pa géèmù kankan rẹ́, ẹ wá ibi tó kọ eré yín sí, torí pé ẹ lè tún géèmù gbà, ẹ ò lè tún wákàtí yín gbà. Ó lè má sí nínú fódà géèmù rárá. Ti Undertale wà nínú %localappdata%, nínú fódà UNDERTALE. Ti Hollow Knight wà nínú AppData, nínú LocalLow, nínú Team Cherry, ọ̀pọ̀ géèmù Unity ló sì ń gba LocalLow yìí, lábẹ́ orúkọ ẹni tó ṣe wọ́n. Ti RPG Maker MV wà nínú fódà géèmù gan-an, nínú www, nínú save. Ti Stardew Valley wà nínú %appdata%, nínú StardewValley, nínú Saves. Ẹ ó bá fódà kan níbẹ̀ tó ń jẹ́ orúkọ tí ẹ sọ àgbẹ̀ yín, pẹ̀lú nọ́ńbà gígùn kan lẹ́yìn rẹ̀. Bí ẹ bá fẹ́ kó eré lọ sórí kọ̀ǹpútà mìíràn, fódà yẹn lódindi ni kí ẹ dà sínú flash, ẹ má tú inú rẹ̀, ẹ má sì yí orúkọ rẹ̀ padà. Ẹ gbé e sínú Saves lórí ẹ̀rọ tuntun náà, lẹ́yìn náà kí ẹ ṣí géèmù, kí ẹ tẹ Load, kí ẹ sì rí i pé oko yín ṣí kí ẹ tó fọwọ́ kan ohunkóhun lórí ẹ̀rọ àtijọ́.