Àkànní, Yọ Nǹkan Yẹn Létí

Àkànní, yọ nǹkan yẹn létí kí o wá jókòó tì mí. Kí ni etí rẹ ṣe fún ọ tí o fi ń fìyà jẹ ẹ́ báyìí? Band on the Run lo ń gbọ́ láti àárọ̀, inú mi sì dùn pé ọmọ ẹ̀gbọ́n mi mọ ohun tó dára. Àmọ́ MP3 játijàti tí ọ̀rẹ́ rẹ fi ránṣẹ́ lórí WhatsApp yẹn! Hábà, ọmọ dáadáa.

Ṣé o mọ ibi tí wọ́n ti ṣe èyí tó pọ̀ jù nínú àwọn orin inú àwo yẹn? Àpápá ni, nílùú Èkó níbí, lọ́dún 1973, tòjò tòjò. Paul McCartney, ọ̀kan nínú àwọn Beatles, ló mú Linda ìyàwó rẹ̀ àti Denny Laine wá sí sítúdíò EMI. Kí wọ́n tó wọ bàlúù, ẹni tó ń ta gìtá nínú ẹgbẹ́ wọn ti bá tirẹ̀ lọ, onílù náà sì ní òun ò bá wọn dé Èkó. Wọ́n dé ibí tán, àwọn olè yọ ọ̀bẹ sí tọkọtaya náà lójú títì, wọ́n gba kásẹ́ẹ̀tì tí wọ́n fi dán àwọn orin náà wò. Ohun tó kù lórí wọn ni wọ́n fi ṣiṣẹ́. McCartney fúnra rẹ̀ ló jókòó nídìí ìlù. Fẹlá tún wá ká wọn mọ́, pé ṣé orin wa ni wọ́n wá jí kó. Ìgbà tó gbọ́ ohun tí wọ́n ń ṣe ni ọkàn rẹ̀ tó balẹ̀.

Lẹ́yìn ìyẹn ni wọ́n lọ sí sítúdíò Ginger Baker, onílù òyìnbó nì, ní Ìkẹjà, nítorí orin "Picasso's Last Words". Wọ́n bu òkúta wẹ́wẹ́ sínú agolo, wọ́n ń mì ín bí ẹni lu ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀; Baker alára mi tirẹ̀. Lórí fáìlì rẹ yẹn, àfi bí ìgbà tí òróró ń hó. Gbọ́ ọ lórí lossless, wàá mọ̀ pé òkúta ló ń gbá ara agolo.

Kílóbíìtì 1,411 ni CD ń lò ní ìṣẹ́jú àáyá kan. 128 ni tìrẹ, Àkànní! Wọ́n ti fi àlùmọ́gàjí gé aṣọ kó lè wọ àpò. FLAC, lossless tí mo wí yẹn, ní tirẹ̀ dà bí aṣọ òkè tí mo ká sínú àpótí: àyè tó ń gbà dín kù, bí mo bá sì tú u, kò sí fọ́nrán òwú kan tó sọnù. Ká ní MP3 320 lo ń gbọ́ ni, n kò ní bá ọ wí tó báyìí, ìyẹn sún mọ́ ọn. Má sì fi Bluetooth gbọ́ ọ, òun náà á tún gé e.

Ó yá, kọ̀ǹpútà mi rèé, gba èyí tó ní wáyà yìí kó o fi bo etí rẹ. Pa fóònù. Oúnjẹ á dúró dè ọ́. Bí o bá dé ibi agolo yẹn, gbójú sókè wò mí, kí n lè mọ̀ pé o ti gbọ́.