Ẹ̀KỌ́ OṢÙ YÌÍ: Bí Wọ́n Bá Ní Ara Rẹ Kò Yẹ fún Iṣẹ́ Ọlọ́pàá

Nígbà tí ìjọba bá fẹ́ gba ọlọ́pàá, Sífù Dìfẹ́ǹsì tàbí wọ́dà, àwọn ọmọ wa láti Ṣágámù, Ìkẹ́nnẹ́ àti Ìpẹ́rù máa ń wà lórí ìlà. Ẹlòmíràn a yege nínú ìwé, a yege nínú eré sísá, ṣùgbọ́n tó bá dé ọ̀dọ̀ dókítà, wọ́n á ní ara rẹ̀ kò yẹ. Ọ̀pọ̀ wọn kì í béèrè ìdí. Ẹ jẹ́ ká mọ̀ pé ọ̀rọ̀ lè má tíì parí níbẹ̀.

1. Kí ni wọ́n rí?

Ohun mẹ́ta ló lè jẹ́. Èkíní ni àṣìṣe àyẹ̀wò. Ẹni tí kò sùn, tó fi òru rìnrìn-àjò dé Eléwéẹran l'Abẹ́òkúta, tí àyà rẹ̀ sì ń já, ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ lè ru lọ́jọ́ náà, kó sì wálẹ̀ lọ́jọ́ kejì. Èkejì ni àìsàn tó ṣeé tọ́jú, bíi ìpá. Ẹ̀kẹta ni ohun tí ìlànà iṣẹ́ náà là kalẹ̀. Nínú ìkéde ọlọ́pàá ọdún 2023, ọkùnrin gbọ́dọ̀ ga tó mítà 1.67, obìnrin mítà 1.64. Ẹni tí kò ga tó bẹ́ẹ̀ kò ní ẹjọ́, àfi bí wọ́n bá wọ̀n ọ́n ṣì.

2. Ṣe àyẹ̀wò kejì

Agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Láàárín ọjọ́ díẹ̀, lọ sí ilé ìwòsàn ìjọba, bíi ilé ìwòsàn ńlá Yunifásítì Olabisi Onabanjo ní Ṣágámù. Gba èsì tó ní ọjọ́, orúkọ dókítà àti òǹtẹ̀. Má ra èsì o. Irọ́ ni, ẹ̀ṣẹ̀ ni, yóò sì ba ẹjọ́ rẹ jẹ́.

3. Kọ̀wé

Òfin òmìnira ìròyìn ti ọdún 2011 fún iléeṣẹ́ ìjọba ní ọjọ́ 7 láti dáhùn ẹni tó bá béèrè àkọsílẹ̀. Fi ìwé béèrè èsì tìrẹ, kí o sì bẹ̀bẹ̀ fún àyẹ̀wò tuntun. Ti ọlọ́pàá, Police Service Commission ni kí o kọ ọ́ sí: ilé-ẹjọ́ tó ga jùlọ sọ lọ́jọ́ 11 oṣù Keje 2023 pé àwọn ló ni agbára ìgbanisíṣẹ́. Ti Sífù Dìfẹ́ǹsì, wọ́dà, panápaná àti Ìmígíréṣọ̀n, ìgbìmọ̀ kan náà tí wọ́n ń pè ní CDCFIB ló ń bójú tó o. Tọ́jú ẹ̀dà gbogbo ìwé.

4. Kí ni òfin wí?

Òfin ọdún 2014 kọ̀ fún agbanisíṣẹ́ láti fi àyẹ̀wò HIV ṣe gbèdéke ìgbanisíṣẹ́. Kí òfin yìí tó dé, Georgina Ahamefule, nọ́ọ̀sì tí wọ́n lé lẹ́nu iṣẹ́ lọ́dún 1995 nítorí HIV, jàre ní kóòtù Èkó lọ́dún 2012. Kóòtù ní kí wọ́n san mílíọ̀nù 7 náírà fún un. Ní South Africa, kóòtù Pretoria dá a lọ́dún 2008 pé kò bófin mu kí iṣẹ́ ológun ti ilẹ̀kùn mọ́ gbogbo ẹni tó ní HIV láìwo bí ara oníkálukú ti le tó. Kókó ẹjọ́ náà nìyẹn: agbára ẹni náà ni ká wò, kì í ṣe orúkọ àìsàn.

5. Bí wọn kò bá dáhùn

Kóòtù tó ń gbọ́ ẹjọ́ iṣẹ́ ni National Industrial Court. Má fi falẹ̀, torí oṣù 3 péré ni òfin sábà máa ń gbà fún ìpẹ̀jọ́ lórí òṣìṣẹ́ ìjọba. Ẹni tí kò lówó lọ́yà lè lọ bá Legal Aid Council. Àmọ́ kí a má tanra wa: ẹni tó jàre lè gba àyẹ̀wò tuntun, kó má tíì gba aṣọ iṣẹ́.

Paríparí rẹ̀, bí àyẹ̀wò kejì bá fi hàn pé òótọ́ ni ẹ̀jẹ̀ ń ru, tàbí pé hepatitis B wà lára, ìtọ́jú ló kàn, kì í ṣe ìbínú. Iṣẹ́ mìíràn wà. Ẹ̀mí kò ní àrọ́pò.

Ìbéèrè fún ìjíròrò

(a) Ohun mẹ́ta wo ni dókítà lè rí?
(b) Kí nìdí tí a kò fi gbọ́dọ̀ ra èsì?
(d) Ta ni ẹni tí Sífù Dìfẹ́ǹsì kò gbà yóò kọ̀wé sí?